Àjọlò Yàtọ̀ sí Àpínlò: Orúkọ tí ó Yẹ Àwọn Fáìlì tí ń Mú Kọ̀ǹpútà Fọhùn

Bí akẹ́kọ̀ọ́ kan ní Ọ̀yẹ́-Èkìtì tàbí ní Ìkọ̀lé-Èkìtì, níbi tí ọgbà méjèèjì Yunifásítì Ìjọba Àpapọ̀ tí wọ́n dá sílẹ̀ ní ọdún 2011 wà, bá ra kọ̀ǹpútà alágbèéká tòkunbọ̀, tí ó sì fẹ́ fi gbọ́ ohùn àwọn àgbà ìlú rẹ̀ tí ó gbà sílẹ̀, ó lè jẹ́ pé ohun àkọ́kọ́ tí ẹ̀rọ náà yóò fi dá a lóhùn ni gbólóhùn Gẹ̀ẹ́sì kan. Gbólóhùn náà yóò sọ fún un pé ètò tí ó ṣí kò lè bẹ̀rẹ̀ nítorí pé mfplat.dll kò sí nínú ẹ̀rọ rẹ̀, àti pé kí ó tún ètò náà fi sínú ẹ̀rọ bóyá ìṣòro náà yóò tán. Akẹ́kọ̀ọ́ náà yóò tún un fi sí i. Kò ní tán. Lẹ́yìn èyí ni yóò wá mfplat.dll lọ sórí íntánẹ́ẹ̀tì, yóò sì bá àwọn àjèjì tí wọ́n ń pín irú fáìlì bẹ́ẹ̀ fún ẹnikẹ́ni ní ẹyọ kọ̀ọ̀kan, bí ẹni ń pín ẹ̀pà. Ó lè gba fáìlì tí kò bá ẹ̀rọ rẹ̀ mu. Ó sì lè gba èyí tí kòkòrò apanirun wà nínú rẹ̀, tí yóò ba gbogbo iṣẹ́ ọdún mẹ́rin jẹ́ ní ọjọ́ kan.

Kì í ṣe pé akẹ́kọ̀ọ́ náà gọ̀. Orúkọ ohun tí ó ń wá ni kò sọ nǹkan kan fún un. Lẹ́tà mẹ́ta tí ó gbẹ̀yìn orúkọ fáìlì náà jẹ́ ìgékúrú orúkọ Gẹ̀ẹ́sì tí ilé-iṣẹ́ Microsoft fún irú fáìlì kan tí ó ti wà nínú Windows láti ìgbà tí Windows àkọ́kọ́ ti jáde ní 1985. Lórí Linux àti lórí fóònù Android, lẹ́tà méjì péré, so, ni ó máa ń wà ní ipò yẹn. Ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan náà, library, ni wọ́n fi ń pe irú fáìlì méjèèjì, ọ̀rọ̀ náà sì ni ẹni tí ó bá fi ìwé atúmọ̀-èdè nìkan ṣiṣẹ́ yóò túmọ̀ sí ilé-ìkàwé. Bí ilé-ìkàwé bá wọ inú ìwé ẹ̀kọ́ kọ̀ǹpútà ní èdè Yorùbá gẹ́gẹ́ bí orúkọ ohun yìí, ìṣìnà tí ó ti wà nínú Gẹ̀ẹ́sì ni yóò di ogún fún Yorùbá, bẹ́ẹ̀ sì ni Yorùbá ní ọ̀rọ̀ tí ó sàn ju ti Gẹ̀ẹ́sì lọ lórí ọ̀ràn yìí gan-an.

Ó yẹ kí ènìyàn kọ́kọ́ mọ bí Gẹ̀ẹ́sì ṣe dé ibi tí ó dé. Ní Yunifásítì Cambridge, lórí ẹ̀rọ EDSAC tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 1949, àwọn onímọ̀ rí i pé àwọn iṣẹ́ kéékèèké kan wà tí gbogbo ètò ń fẹ́. Bí àpẹẹrẹ, ẹ̀rọ náà kò lè fúnra rẹ̀ pín nọ́ńbà kan sí ọ̀nà òmíràn. Ẹni tí ó bá fẹ́ ìpín gbọ́dọ̀ kọ ìlànà rẹ̀ fún un ní ẹsẹẹsẹ. Dípò kí olúkúlùkù máa kọ ọ́ lákọ̀tun, wọ́n lu àwọn ìlànà bẹ́ẹ̀ sára tẹ́ẹ̀pù bébà, wọ́n ká a, wọ́n sì tò wọ́n sínú kọ́bọ́ọ̀dù. Ẹni tí ó bá nílò ọ̀kan yóò mú un jáde, yóò ṣe ẹ̀dà rẹ̀ sára tẹ́ẹ̀pù tirẹ̀, yóò sì dá a padà sí àyè rẹ̀. Maurice Wilkes, David Wheeler àti Stanley Gill kọ ìwé lórí ọ̀nà yìí ní 1951, ìwé náà sì tàn kálẹ̀. Ní ìgbà náà, orúkọ tí wọ́n fún kọ́bọ́ọ̀dù náà bá a mu rẹ́gí: ohun kan wà ní títò, ènìyàn ń yá a, ó sì ń dá a padà. Ṣùgbọ́n kí ó tó di òpin ọgọ́rùn-ún ọdún náà, kọ́bọ́ọ̀dù ti lọ, tẹ́ẹ̀pù ti lọ, ẹni tí ń yá nǹkan kò sí mọ́. Orúkọ nìkan ni ó kù.

Yorùbá kò ní irú ìtàn bẹ́ẹ̀ tí yóò fi gbé orúkọ náà. Ilé-ìkàwé tẹnu mọ́ kíkà. Ilé-ìkówèésí, tí àwọn kan fẹ́ràn jù nítorí pé ó sún mọ́ iṣẹ́ ibẹ̀, tẹnu mọ́ kíkó sí. Nínú méjèèjì, ìwé ni kókó. Nínú mfplat.dll, kò sí ìwé, kò sí ẹni tí ń kà á, kò sì sí ẹni tí ń yá a lọ sí ilé. Ọmọ tí olùkọ́ bá sọ fún pé fáìlì kan jẹ́ ilé-ìkàwé yóò ṣí i láti wo àwọn ìwé inú rẹ̀. Àmì jágbajàgba tí kò ní ìtumọ̀ ni yóò bá níbẹ̀, yóò sì gbà pé fáìlì náà ti bàjẹ́.

Ohun tí irú fáìlì bẹ́ẹ̀ ń ṣe kò ṣòro láti ṣàlàyé fún ẹni tí ó bá mọ bí ohùn ṣe ń wọ inú ẹ̀rọ. Ohùn tí ó wà lórí àwo CD, èyí tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí tà ní 1982, jẹ́ kìkì nọ́ńbà: ẹ̀rọ wọn ohùn náà ní ìgbà 44,100 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan fún etí ọ̀tún, iye kan náà fún etí òsì, nọ́ńbà kọ̀ọ̀kan sì gba bíìtì 16. Àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ bíìtì 1,411,200 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan ṣoṣo. Ẹrù yìí pọ̀ jù fún fóònù àti fún owó dátà, nítorí náà wọ́n máa ń dì í. Ọ̀nà MP3, tí àwọn onímọ̀ Fraunhofer ní Erlangen ní Jámánì kó ipa ńlá nínú rẹ̀, lè dì í kù sí bíìtì 128,000, bí ìdá kan nínú mọ́kànlá. Ó ń ṣe èyí nípa yíyọ ohun tí etí ènìyàn kì yóò mọ̀ pé ó kúrò, lẹ́yìn náà ó ń di ìyókù ní ìdì kéékèèké. Ìdì kọ̀ọ̀kan gbé nọ́ńbà 1,152 dání fún etí kọ̀ọ̀kan, ohùn tí kò sì tó ìdá mẹ́ta nínú ọgọ́rùn-ún ìṣẹ́jú-àáyá ni.

Dídì kò tó. Ẹnìkan gbọ́dọ̀ tú u. Títú rẹ̀ ni iṣẹ́ tí ó le, nítorí ìṣirò ni láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ó sì gbọ́dọ̀ yá tó bẹ́ẹ̀ tí etí kò fi ní mọ̀ pé ìdì kan parí kí òmíràn tó bẹ̀rẹ̀. Ẹni tí ó ń ṣe ètò ìgbóhùn kì í jókòó kọ ìṣirò yìí lákọ̀tun. Ó ń bẹ fáìlì mìíràn ní iṣẹ́: ó gbé ìdì fún un, ó gba ohùn lọ́wọ́ rẹ̀. Fáìlì tí ó gbajúmọ̀ jù nínú irú iṣẹ́ yìí ni libavcodec, ara iṣẹ́ FFmpeg tí Fabrice Bellard, ọmọ ilẹ̀ Faransé, dá sílẹ̀ ní 2000. VLC tí ọ̀pọ̀ ènìyàn fi ń wo fíìmù lórí kọ̀ǹpútà, òun náà ni ó ń bẹ̀. Ẹni tí ó ń wo VLC rò pé VLC ni ó ń tú ohùn. Bí ènìyàn bá yọ libavcodec kúrò lẹ́yìn rẹ̀, ọ̀pọ̀ jùlọ fíìmù tí ó ń fi hàn yóò di ohun tí kò lè ṣí.

(Yorùbá ti ní ọ̀rọ̀ fún ohun tí wọ́n dì tí kò ṣeé tú: àdììtú. Ohùn tí ó wà nínú fáìlì tí kò sí atúhùn fún nínú ẹ̀rọ jẹ́ àdììtú ní ìtumọ̀ gidi ọ̀rọ̀ náà, ẹni tí ó dá ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀ kì bá sì tilẹ̀ nílò àlàyé rárá bí wọ́n bá fi MP3 hàn án.)

Àfiwé tí ó bá fáìlì yìí mu wà ní agboolé Èkìtì, ní ibi tí oúnjẹ kò tíì jẹ́ oúnjẹ bí kò bá sí iyán. Odó ńlá kan lè wà ní agboolé kan tí ìdílé mẹ́ta tàbí mẹ́rin ń lò ó. Ìyàwó tí ó bá ti se iṣu tirẹ̀ yóò gbé e wá sí ìdí odó náà, yóò gún un, yóò kó iyán rẹ̀ lọ. Odó náà yóò wà níbẹ̀ de ẹni tí ó kàn. Iyán ẹnìkan kì í di ti ẹlòmíràn, odó kan náà ni ó sì gún gbogbo rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni libavcodec. Ètò kọ̀ọ̀kan gbé ohùn tirẹ̀ wá, ó gba ohùn tirẹ̀ lọ; ẹ̀dà kan ṣoṣo ìlànà títú náà ni ó wà nínú ìrántí ẹ̀rọ fún gbogbo wọn. Àfiwé náà kò pé tán, nítorí ìdílé méjì kò lè gún iyán lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ nínú odó kan ní ìṣẹ́jú kan náà, ṣùgbọ́n ogún ètò lè lo libavcodec kan papọ̀ láìdí ara wọn lọ́wọ́. Odó inú kọ̀ǹpútà gbòòrò ju ti agboolé lọ.

Ibí yìí ni ọ̀ràn orúkọ ti wọlé, ibí yìí náà sì ni Yorùbá ti borí. Gẹ̀ẹ́sì pe odó yìí ní ohun tí ó jẹ́ shared, láti inú ọ̀rọ̀-ìṣe share. Ọ̀rọ̀-ìṣe yẹn gbé ìtumọ̀ méjì pọ̀ tí Yorùbá ti yà sọ́tọ̀ tipẹ́. Bí ọmọ ìyá méjì bá pín oko bàbá wọn, oko náà di méjì. Bí wọ́n bá jọ ń lò ó, ó ṣì jẹ́ ọ̀kan. Kò sí Yorùbá tí yóò gbọ́ méjèèjì kí ó rò pé ohun kan náà ni wọ́n. Ẹni tí ó bá fi Bluetooth tàbí Xender gbé orin láti fóònù rẹ̀ sí fóònù ọ̀rẹ́ rẹ̀ ti pín orin náà: ẹ̀dà ti di méjì, bí ẹnìkan bá pa tirẹ̀ rẹ́, ti èkejì wà síbẹ̀. Ètò méjì tí wọ́n ń tú orin pẹ̀lú libavcodec kan kò pín ohun kan; wọ́n jọ ń lò ó ni. Bí ẹnìkan bá pa á rẹ́, àwọn méjèèjì yadi. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ó lọ gba mfplat.dll lọ́wọ́ àjèjì ṣe bí ẹni pé ohun pípín ni, ohun tí ènìyàn lè gbà ní ẹyọ kan lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Ohun jíjọlò kì í rí bẹ́ẹ̀. Ó ní ìdílé tí ó wà fún, ó sì ní ẹni tí ó gbé e kalẹ̀ síbẹ̀.

Nítorí náà, orúkọ tí ó yẹ fún irú fáìlì yìí ni àjọlò. Ìṣẹ̀dá rẹ̀ rọrùn: àfòmọ́ ìbẹ̀rẹ̀ à-, ọ̀rọ̀-ìṣe jọ àti lò. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ni àjọṣe tí tọmọdé tàgbà mọ̀. Àjọlò-ohùn ni yóò jẹ́ èyí tí ń tú ohùn, àjọlò-àwòrán ni èyí tí ń tú àwòrán. Ìlànà inú rẹ̀ tí ń ṣe iṣẹ́ títú gan-an ni atúhùn. Èyí tí wọ́n ṣe ẹ̀dà rẹ̀ sínú ètò kan ṣoṣo, tí ètò mìíràn kò lè lò, bí ti tẹ́ẹ̀pù Cambridge, ni yóò jẹ́ àdálò. Àjọlò àti àdálò: ìyàtọ̀ tí ó gba Gẹ̀ẹ́sì ní odindi gbólóhùn láti fi hàn, sílébù kan ni ó fi hàn nínú Yorùbá.

Ẹ̀rí kan wà tí kò yẹ kí àwọn onímọ̀ èdè gbójú fò. Nígbà tí wọ́n ń wá orúkọ fún irú Yorùbá tí wọ́n ń fi kọ̀wé, tí ọmọ Èkìtì, ọmọ Ìjẹ̀bú àti ọmọ Ọ̀yọ́ ń fi bá ara wọn sọ̀rọ̀ láìgbé ti ilé wọn sílẹ̀, Yorùbá àjùmọ̀lò ni wọ́n pè é. Wọn kò pè é ní Yorùbá àjùmọ̀pín, nítorí pé èdè náà kò di ẹ̀yà púpọ̀ nípa lílò tí gbogbo wọn ń lò ó. Ìmọ̀ èdè ti fi ọ̀nà hàn ìmọ̀ kọ̀ǹpútà. Àjọlò kúrú ju àjùmọ̀lò lọ, ó sì fi àjùmọ̀lò sílẹ̀ fún èdè tí ó ti ni ín. Ṣùgbọ́n ọmọ ìyá ni wọ́n.

Àwọn kan yóò sọ pé láíbìrì tó. Ọ̀rọ̀ àyálò kò burú. Kò sí ẹni tí ó ní kí wọ́n dá orúkọ mìíràn fún fáìlì tàbí fún bíìtì. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ àyálò tí ìtumọ̀ rẹ̀ ti ṣìnà kí wọ́n tó yá a kò ní èrè kan. Láíbìrì yóò tún mú ọmọ náà padà sí ilé-ìkàwé ni, nítorí ohun tí láíbìrì ń jẹ́ ní ilé-ẹ̀kọ́ rẹ̀ nìyẹn. Àwọn ọmọ Yorùbá tí wọ́n kàwé ní Kétu àti ní Sàkété ní ilẹ̀ Benin kò sì ní bá láíbìrì pàdé rárá. Bibliothèque ni olùkọ́ wọn ń pè é ní Faransé. Àyálò tí ó yà sí méjì ní ẹnubodè kò lè jẹ́ èdè-ìperí fún gbogbo Yorùbá.

Àká ni ó súnmọ́ jù nínú àwọn mìíràn. Ó ti ń ṣiṣẹ́ nínú àká-ọ̀rọ̀, ó dùn létí, ó sì ní ọ̀wọ̀. Ohun tí ó bà á jẹ́ ni pé ohun tí wọ́n bá kó nínú àká ń tán. Ìlànà inú àjọlò kì í tán. Bí ẹgbẹ̀rún ètò bá lò ó lónìí, kò dín bíìtì kan lọ́la. Odó ni, kì í ṣe àká. Ẹni tí ó bá wá béèrè ìdí tí wọn kò fi kúkú pè é ní odó, ìdáhùn rẹ̀ kò jìnnà: odó jẹ́ àfiwé, àfiwé sì dára fún yàrá ìkẹ́kọ̀ọ́ ju fún orí ìwé lọ. Ó yẹ kí orúkọ náà lè dúró lẹ́yìn tí àfiwé bá ti lọ sinmi.

Ohun kékeré kan tún wà tí ó jẹ mọ́ apá àríwá Èkìtì fúnra rẹ̀. Láti Ìdó dé Ìkọ̀lé, títí dé Òkè-Ako, ọ̀pọ̀ ọ̀rọ̀ tí Yorùbá àjùmọ̀lò fi i bẹ̀rẹ̀ ni ẹ̀ka-èdè ibẹ̀ fi u bẹ̀rẹ̀. Ilé ń jẹ́ ulé. Olùkọ́ tí ó bá pe fáìlì ní ilé-ìkàwé níwájú àwọn ọmọ kékeré ti ní iṣẹ́ méjì lọ́wọ́. Àjọlò, tí ó fi à bẹ̀rẹ̀, kò ní i ṣẹ́gun, kò sì ní u bá jà.

Èdè-ìperí kò parí síbi orúkọ kan, nítorí orúkọ máa ń bí àwọn orúkọ mìíràn. Ọ̀kan tí ó kánjú ni bí ènìyàn yóò ṣe pe ipele tí àjọlò kan dé. Ẹ̀dà ni ọ̀pọ̀ ń lò, ṣùgbọ́n ẹ̀dà ti ní iṣẹ́ tirẹ̀: ohun méjì tí wọ́n jọ ara wọn láìyàtọ̀ ni ẹ̀dà ara wọn. Libavcodec tí ó bá FFmpeg 4 rìn ní 2018 ń jẹ́ 58; èyí tí ó bá FFmpeg 5 jáde ní 2022 ń jẹ́ 59; 60 ni ti 2023. Wọn kì í ṣe ẹ̀dà ara wọn. Ètò tí wọ́n ṣe láti bá 58 ṣiṣẹ́, bí ó bá dé inú ẹ̀rọ tí 59 nìkan wà, yóò sọ pé òun kò rí ohun tí òun ń wá, bẹ́ẹ̀ sì ni ẹni tí ó ni ẹ̀rọ yóò máa wo libavcodec níbẹ̀ gedegbe. Ó dà bí ìgbà tí wọ́n gbé odó agboolé kúrò, tí wọ́n gbé èyí tí ẹnu rẹ̀ kéré wá: odó ni, ṣùgbọ́n ọmọ-odó àná kò wọ inú rẹ̀. Ìran ni ó bá èyí mu. Ìran 58, ìran 59: baba kan náà, ọmọ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀. Àwọn tí wọ́n lo Windows ní àwọn ọdún 1990 kò ní gbàgbé ohun tí àìbìkítà fún ìran fà, nígbà tí ètò tuntun kan lè wọlé kí ó gbé àjọlò tirẹ̀ lé orí ti tẹ́lẹ̀, kí ètò mẹ́ta tí kò ṣẹ̀ sì kú ní ọjọ́ kejì. Windows XP, tí ó jáde ní 2001, wá ọ̀nà láti jẹ́ kí ìran méjì lè wà papọ̀ láìpa ara wọn lára.

Jíjọlò ní ewu tirẹ̀, kò sì yẹ kí orúkọ tí ó dára bò ó mọ́lẹ̀. Ní oṣù Keje ọdún 2015, ilé-iṣẹ́ Zimperium kéde pé àléébù wà nínú libstagefright, àjọlò tí fóònù Android fi ń tú ohùn àti fídíò. Ẹni ibi lè fi fídíò kan ránṣẹ́ nínú ìsọfúnni lásán, fóònù yóò sì gbé e fún àjọlò náà láti tú kí ẹni tí ó ni fóònù tó mọ̀ pé nǹkan dé. Wọ́n fojú bù ú pé mílíọ̀nù 950 fóònù ni ọ̀ràn náà kàn. Odó kan ni ó là, gbogbo agboolé ni kò sì lè gún iyán láìfòyà. Àwọn kan ti fi èyí gbèjà àdálò: kí ètò kọ̀ọ̀kan gbé tirẹ̀ dání. Oṣù Kẹsàn-án ọdún 2023 ti dá wọn lóhùn. Àléébù jáde nínú libwebp, tí ń tú àwòrán, ọ̀pọ̀ ètò ni ó sì ti gbé ẹ̀dà tirẹ̀ pamọ́ sí inú ara rẹ̀. Odó kan kọ́ ni wọ́n ní láti tún ṣe ní ìgbà yìí. Odó yàrá kọ̀ọ̀kan ni, àwọn mìíràn kò sì rántí pé àwọn ní odó ní yàrá. Àléébù inú àjọlò tóbi, ṣùgbọ́n ibì kan ni wọ́n ti ń dí i. Ẹni tí ó bá mọ̀ pé ohun tí ó ń lò jẹ́ àjọlò yóò mọ ìdí tí ó fi yẹ kí ó gba àtúnṣe tí àwọn tí wọ́n ṣe fóònù rẹ̀ bá fi ránṣẹ́. Bí ó bá rò pé ilé-ìkàwé ni, kò ní rí ìdí kan. Ta ni ń dí ihò ìwé?

Ohùn àwọn àgbà tí akẹ́kọ̀ọ́ yẹn fẹ́ gbọ́ kì í ṣe ohun eré. Láti ìgbà tí GSM ti dé Nàìjíríà ní 2001, fóònù kékeré ti di ohun tí ọ̀pọ̀ ìdílé fi ń gba orin àlámọ̀, oríkì àti ìtàn ìdílé sílẹ̀. Púpọ̀ nínú àwọn fóònù ìgbà náà ń fi ohùn pamọ́ ní ọ̀nà AMR, tí ẹgbẹ́ 3GPP gbà ní 1999. Ọ̀rọ̀ ẹnu ni wọ́n ṣe AMR fún. Ìgbà 8,000 péré ni ó ń wọn ohùn ní ìṣẹ́jú-àáyá kan, ó sì ń dì í sí bíìtì tí kò ju 12,200 lọ, nígbà mìíràn 4,750. Ohùn òkè, àárín àti ìsàlẹ̀ Yorùbá là á já dáadáa, nítorí wọn kò ga rárá ní ìwọ̀n tí ẹ̀rọ fi ń ka ohùn. Dídún agogo àti ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ ni ó ń jìyà, nítorí ohunkóhun tí ó bá kọjá 4,000 ìgbọ̀n ní ìṣẹ́jú-àáyá kò lè wọ inú rẹ̀. Àwọn àgbà kan tí wọ́n sọ̀rọ̀ sínú fóònù ní 2006 ti lọ. Ohùn wọn wà nínú fáìlì tí orúkọ rẹ̀ parí sí amr, lórí káàdì kékeré tí ó tó èékánná, yóò sì sọ̀rọ̀ níwọ̀n ìgbà tí àjọlò kan bá ṣì wà níbìkan tí ó mọ bí wọ́n ṣe ń tú AMR. Libavcodec mọ̀ ọ́n, ó sì wà fún gbogbo ayé lọ́fẹ̀ẹ́, tí ẹnikẹ́ni lè ka ìlànà inú rẹ̀. Ó yẹ kí ẹ̀ka ẹ̀kọ́ èdè ní yunifásítì tí ó ń gba ohùn jọ mọ orúkọ rẹ̀ bí wọ́n ṣe mọ orúkọ àpótí tí wọ́n ń kó káàdì sí.

Ìṣẹ́ pọ̀ nílẹ̀, ṣùgbọ́n kì í ṣe iṣẹ́ tí Yorùbá kò ṣe rí. Ní Ilé-Ifẹ̀ ní 1970, iṣẹ́ ọlọ́dún mẹ́fà tí Babs Fáfúnwá jẹ́ aṣíwájú rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí fi Yorùbá kọ́ ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ní ìṣirò àti sáyẹ́ǹsì. Apá kìíní Èdè-Ìperí Yorùbá jáde ní 1984, Ayọ̀ Bámgbóṣé ni olóòtú rẹ̀. Apá kejì jáde ní 1990 lábẹ́ Ọládélé Awóbùlúyì. Ìmọ̀ èdè, lítíréṣọ̀ àti ọ̀nà ìkọ́ni ni wọ́n gbájú mọ́, wọ́n sì ṣe é yanjú. Kọ̀ǹpútà ń dúró de irú ìpàdé bẹ́ẹ̀, níbi tí ẹni tí ó mọ ìlànà inú ẹ̀rọ àti ẹni tí ó mọ ìṣẹ̀dá ọ̀rọ̀ yóò jókòó sí tábìlì kan. Ẹni tí ó mọ ọ̀kan nínú méjèèjì nìkan ni ó ń bí ilé-ìkàwé.

Ó ku mfplat.dll tí ó bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀. Ní oṣù Kẹta ọdún 2004, Ìgbìmọ̀ Aláṣẹ Yúróòpù dájọ́ pé Microsoft kò gbọdọ̀ fi tipátipá so ètò ìgbóhùn rẹ̀ mọ́ Windows. Láti 2005 ni ilé-iṣẹ́ náà ti ń tà ní Yúróòpù, yàtọ̀ sí Windows tí gbogbo ènìyàn mọ̀, irú kan tí lẹ́tà N wà lára orúkọ rẹ̀, tí wọ́n ti yọ ètò ìgbóhùn kúrò nínú rẹ̀. Àwọn àjọlò-ohùn sì bá a lọ nínú àwọn Windows N tí ó tẹ̀lé e. Kọ̀ǹpútà tòkunbọ̀ tí ó ti Yúróòpù wá lè gbé irú Windows bẹ́ẹ̀ dé Ọ̀yẹ́ tàbí Ìkọ̀lé láìjẹ́ pé ẹni tí ó tà á tàbí ẹni tí ó rà á mọ̀. Ẹ̀rọ náà kò bàjẹ́, ètò tí akẹ́kọ̀ọ́ ṣí kò ní àléébù. Títún un fi sí i, tí gbólóhùn Gẹ̀ẹ́sì náà dámọ̀ràn, kò sì lè wúlò láé, nítorí pé àjọlò kì í ṣe ti ètò náà. Àkópọ̀ àjọlò tí ó kù wà lọ́dọ̀ Microsoft lọ́fẹ̀ẹ́, lápapọ̀, ó sì ń dá gbogbo wọn padà lẹ́ẹ̀kan. Bí èdè-ìperí bá ti wà ní ìlò, gbólóhùn tí ẹ̀rọ náà ì bá fi hàn akẹ́kọ̀ọ́ kò ju báyìí lọ: “Ètò yìí kò lè fọhùn, nítorí pé àjọlò-ohùn kò sí nínú Windows yìí. Má ṣe gba ẹyọ rẹ̀ lọ́wọ́ ẹlòmíràn; ọ̀dọ̀ àwọn tí wọ́n ṣe Windows ni kí o ti gba gbogbo rẹ̀.”